«Òṣèré àdáṣe abẹ́lẹ̀» kò bá Leigh Bowery mu

Ẹ̀gbọ́n wa láti Iléṣà dábàá «òṣèré àdáṣe abẹ́lẹ̀» gẹ́gẹ́ bí ìtumọ̀ «underground performance artist» fún Leigh Bowery, ọmọ Australia tó fi ara àti aṣọ ṣe ọnà ní London. Ẹ ṣeun sà, àmọ́ mi ò gbà. Ẹ sọ «eré àdáṣe» fún akẹ́kọ̀ọ́ Dramatic Arts ní OAU níbí, ohun tó máa wá sí i lọ́kàn ni eré tí ẹnì kan ń dá ṣe: ìwé eré wà, ẹ̀dá ìtàn sì wà. Ti Bowery kò rí bẹ́ẹ̀. Ní 1988, nínú gáláárì Anthony d'Offay ní London, ẹ̀yìn dígí kan ló wà. Èrò ń rí i, òun kò rí wọn. Àwòrán ara rẹ̀ nìkan ló ń wò, tó ń yí ìdúró padà. Èwo leré níbẹ̀?

«Afaraṣọnà» ni tèmi: ẹni tó fi ara ṣe ọnà. Iṣẹ́ náà á jẹ́ «ìfaraṣọnà». Ẹ má gbàgbé àmì o, kí wọ́n má baà ka ọnà sí ọ̀nà. Ẹ jẹ́ ká fi «afarawé» sílẹ̀ fún ọkùnrin tó múra bí gbajúmọ̀ olórin obìnrin.

Wọ́n á ní «apidán» ńkọ́? Ní Wigstock, àjọ̀dún àwọn ọkùnrin tó ń múra bí obìnrin ní New York, ní 1993, Bowery fi okùn de ọ̀rẹ́ rẹ̀ obìnrin, Nicola Bateman, mọ́ ikùn, orí nísàlẹ̀, ó wá fi aṣọ ńlá bò ó. Ara tirẹ̀ tóbi, kò sẹ́ni tó fura. Ó nà gbalaja, ó rọbí, Nicola já jáde tòun ti omi pupa, sọ́séèjì ni wọ́n fi ṣe okùn ìwọ́. Ìdán gidi! Ṣùgbọ́n eégún ló ni apidán, a kì í sì í wádìí ẹni tó wà nínú agọ̀. Bowery ní tirẹ̀ fẹ́ kẹ́ ẹ mọ̀ pé òun ni.

«Abẹ́lẹ̀» wá ńkọ́? Láàárín ìgboro, ní Leicester Square, ni kílọ́ọ̀bù rẹ̀, Taboo, wà ní 1985. Ṣíṣà ni wọ́n ń ṣa èrò lẹ́nu ọ̀nà, wọn ò sá pamọ́. Nàìjíríà ni abẹ́lẹ̀ ti bá a mu, níbi tí òfin 2014 ti fi ẹ̀wọ̀n ọdún 10 lélẹ̀ fún ẹni tó bá kópa nínú ẹgbẹ́ tàbí kílọ́ọ̀bù àwọn ọkùnrin tó ń fẹ́ ọkùnrin tàbí obìnrin tó ń fẹ́ obìnrin. Fún London, «agbo òru» (kì í ṣe àgbo!).

Ẹ jẹ́ kí «kwíà» (queer: ẹni tí ìfẹ́ tàbí ìrísí rẹ̀ ní ti akọ àti abo yàtọ̀ sí ti ọ̀pọ̀ èèyàn) dúró bẹ́ẹ̀. «Ọkùnrin tó ń fẹ́ ọkùnrin» kò gbà á tán: Bowery fẹ́ Nicola níyàwó ní 1994, ọdún náà ló kú.

Gbólóhùn ìlò: «Afaraṣọnà kwíà ni Leigh Bowery, agbo òru London ló ti gbajúmọ̀.» Ẹni tó bá ní ọ̀rọ̀ tó kúrú ju afaraṣọnà lọ, kó mú un wá.