Iṣẹ́ ọ̀gá lọ́wọ́ mi, owó ọmọ iṣẹ́ lápò mi: ta ni irú rẹ̀ ti ṣẹlẹ̀ sí?

Ìyá Ìbejì, Kétu:
Ẹ kú ojúmọ́ o, ará ilé. Oṣù tó kọjá ni mo gba ìwé owó ìfẹ̀yìntì mi, ọkàn mi ò tíì balẹ̀ látìgbà náà. Iṣẹ́ ìjọba Benin ni mo ṣe: catégorie B (ìpele òṣìṣẹ́ tó tẹ̀lé A, tó ga jù) ni mo bá wọ iṣẹ́, catégorie B ni mo bá jáde. Ṣùgbọ́n ní ọdún 6 tó gbẹ̀yìn, èmi ni mo wà lórí àga chef de service, ìyẹn olórí ẹ̀ka. Wọ́n gbé ọ̀gá wa lọ sí Kútọnu, wọ́n ní kí n bá wọn di ibẹ̀ mú fún oṣù 3. Oṣù 3 di ọdún 6. Èmi ni mò ń fọwọ́ sí lẹ́tà, èmi ni mò ń kọ ìròyìn ọdọọdún, bí wọ́n bá pe bíró wa sí Pobẹ̀, èmi ni mò ń lọ dáhùn. Mo béèrè owó rẹ̀, wọ́n ní note de service (ìwé inú ọ́fíìsì lásán) ni mo ní, kì í ṣe arrêté, ìwé tí ìjọba fi ń yan èèyàn sípò. Ìgbà tí wọ́n wá ṣírò owó ìfẹ̀yìntì, indice B náà, nọ́ńbà tí wọ́n fi ń ṣírò owó oṣù, ni wọ́n fi ṣírò ó. Ẹ̀yin tó ti rí irú èyí, kí lẹ ṣe?

Olùkọ́ Ṣábẹ̀ẹ́:
Ìyá wa, ẹ pẹ̀lẹ́. Ẹ̀yin tilẹ̀ rí note gbà. Ẹnu lásán ni wọ́n fi sọ mí di ọ̀gá iléèwé, ní abúlé kan lẹ́yìn Ṣábẹ̀ẹ́. Ọdún 4. Kíláàsì CM2, èyí tó kẹ́yìn ní alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, ò kúrò lọ́wọ́ mi, bẹ́ẹ̀ ni mo ń gun alùpùpù lọ ṣèpàdé, owó ara mi ni mo fi ń ra kpayo, epo fàyàwọ́ ẹ̀bá ọ̀nà. Lọ́jọ́ kan wọ́n rán ọmọkùnrin kan wá pẹ̀lú arrêté rẹ̀ lọ́wọ́. Èmi ni mo jókòó tì í tí mo kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń kọ ìwé iléèwé. Owó ipò náà bẹ̀rẹ̀ sí í wọlé fún un. Èmi padà sí kíláàsì.

Àbẹ̀kẹ́:
Ọlọ́run á san án fún yín.

Ọmọ Àjàṣẹ́:
Ẹ dúró ná. Ẹni A ń fẹ̀yìn tì ní ẹni ọdún 60, ẹni B ní 58. Ìyá, iṣẹ́ A lẹ ṣe, ọjọ́ orí B ni wọ́n fi dá yín dúró. Owó oṣù ọdún 2 tún lọ níbẹ̀.

Ìyá Ìbejì, Kétu:
Háà! Mi ò rò ó débẹ̀ rí. Ẹ jẹ́ kí n mumi ná.

Akin:
Ẹ má bínú sí mi o, ẹ̀yin àgbà. Kí ló dé tẹ́ ẹ ò kọ̀? Oṣù 3 pé, kẹ́ ẹ kó kọ́kọ́rọ́ fún wọn.

Olùkọ́ Ṣábẹ̀ẹ́:
Àbúrò, o ò tíì ṣiṣẹ́ ìjọba rí nìyẹn. Lọ́dọọdún ni wọ́n ń fún ọ ní máàkì, ọdún méjì méjì ni échelon, àtẹ̀gùn owó oṣù, ń gòkè. Ta ló máa bá ọ̀gá tó ń fún un ní máàkì jà?

Akin:
Ìbẹ̀rù yẹn gan-an ni wọ́n ń jẹ lára yín.

Ìyá Ìbejì, Kétu:
Akin ọmọ mi, ọmọ 4 ló wà níléèwé nígbà yẹn.

Akin:
Ẹ dárí jì mí, Ìyá.

Bàbá Kọ́lá (mo ti fẹ̀yìn tì, ọ́fíìsì tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́ ni mo ti ṣiṣẹ́ ní Àjàṣẹ́, ìyẹn Porto-Novo):
Ẹ jẹ́ kí n là á yé yín, torí ẹ̀ ń lu nǹkan méjì pọ̀. Owó ipò yàtọ̀ sí catégorie. Ká ní Ìyá ní arrêté, owó ipò ì bá máa wọlé lóṣooṣù. Ṣùgbọ́n owó ìfẹ̀yìntì, grade (ipele èèyàn nínú catégorie rẹ̀) àti indice rẹ̀ ni wọ́n ń wò, wọn kì í wo àga tó jókòó sí. Ohun tó ń yí catégorie padà ni concours, ìdánwò ìjọba, tàbí kéèyàn lọ kẹ́kọ̀ọ́ gba dípúlómà kí wọ́n sì tún un tò. Mo rí ọ̀pọ̀ tó sunkún níwájú mi lórí èyí. Ìyá, owó ipò ọdún 6 yẹn ni kẹ́ ẹ bá wọn fà, ẹ má fi ti ìfẹ̀yìntì ṣáájú.

Ọmọ Ìmẹ̀kọ:
Lọ́dọ̀ wa ní Nàìjíríà, owó acting, owó ẹni tó ń di ipò ọ̀gá mú, wà nínú òfin iṣẹ́ ìjọba.

Àbẹ̀kẹ́:
Ṣé wọ́n ń san án?

Ọmọ Ìmẹ̀kọ:
Àwọn kan ń rí i gbà. Ẹ̀gbọ́n mi béèrè tirẹ̀ títí ó fi kúrò lẹ́nu iṣẹ́. Ti ìfẹ̀yìntì náà ò sì yàtọ̀: òṣìṣẹ́ ń dá 8%, ìjọba 10%, orí owó oṣù gan-an, owó ilé àti owó ọkọ̀ ni wọ́n ń gbé e lé. Owó acting ò sí níbẹ̀.

Olùkọ́ Ṣábẹ̀ẹ́:
Ẹ̀yin ará Nàìjíríà sì máa ń sọ pé tiyín dáa jù.

Ọmọ Ìmẹ̀kọ:
Mi ò sọ bẹ́ẹ̀. Ìyá mi gan-an, ọmọ Kétu ni.

Bàbá Kọ́lá:
Ẹ jẹ́ ká padà sọ́dọ̀ Ìyá, oṣù ń lọ. Oṣù 2 lòfin fún èèyàn láti kọ̀wé ta ko ìpinnu, láti ọjọ́ tí wọ́n fi ìwé lé e lọ́wọ́. Ẹ kọ̀wé sí mínísítà yín kíákíá, kí wọ́n lù ú ní òǹtẹ̀ pé àwọn gbà á. Ẹ tún lè lọ sọ́dọ̀ Médiateur de la République, ẹni tó ń gbọ́ ẹjọ́ aráàlú lórí iṣẹ́ ìjọba, Àjàṣẹ́ níbí ló wà, wọn kì í gba owó.

Ìyá Ìbejì, Kétu:
Ẹ ṣeun, Bàbá. Mo ti tú àpótí. Note 4 ló wà níbẹ̀, ikán ti jẹ ọ̀kan dé ibi tí òǹtẹ̀ wà. Ọjọ́ Ajé ni mò ń bọ̀ ní Àjàṣẹ́.

Ọmọ Àjàṣẹ́:
Ẹ ya fọ́tò gbogbo wọn kẹ́ ẹ tó gbé wọn jáde nílé. Bẹ́ ẹ bá dé gáràjì, ẹ pè mí, màá wá gbé yín.