Owó àsansílẹ̀ ilẹ̀ há l'Àjàṣẹ́: báwo la ṣe máa gbà á?

Ẹ̀yin ará, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà wá nímọ̀ràn. 1.500.000 fráǹkì sẹ́fà la san sílẹ̀ lórí ilẹ̀ kan. Ọ̀rọ̀ ti dàrú. Orúkọ bàbá olóògbé ló wà lórí titre foncier (ìwé ẹ̀rí ẹni tó ni ilẹ̀), méjì nínú àwọn ọmọ sì kọ̀, wọn ò fọwọ́ sí i. Ẹni tó gbowó ní òun ti ná an.

Bíìkì ni wọ́n fi kọ «arrhes» (owó àsansílẹ̀ tó fàyè gba ẹnikẹ́ni láti yẹ̀) sórí reçu, ìwé ẹ̀rí owó, kì í ṣe «acompte» (apá kan owó ọjà tí a ti san, tí kò fàyè gba yíyẹ̀). Ẹni tó gbowó tẹ̀ka sísàlẹ̀, àmọ́ kò sí ọjọ́ tó yẹ kí títà náà parí. Article 1590 nínú Code civil, ìwé òfin aráàlú, ní tó bá jẹ́ arrhes, olùrà tó bá yẹ̀ pàdánù owó rẹ̀. Òǹtajà tó bá yẹ̀ á dá a padà ní ìlọ́po méjì. Kíkọ̀ àwọn ọmọ wọ̀nyí ńkọ́, ṣé òǹtajà ló yẹ̀ nìyẹn? Ṣé kí huissier (òṣìṣẹ́ òfin tó ń já ìwé) kọ́kọ́ já ìwé fún un ká tó lọ ilé ẹjọ́? Ọjọ́ mélòó la máa fún un?