Iná ìlú mìíràn kò lè dípò iná Àkúrẹ́

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin akẹgbẹ́ mi. Ọ̀rọ̀ tí ẹ ń sọ, pé níbo la ti lè rí fọ́nrán fídíò àtijọ́ fi ṣe fíìmù ìtàn, wọ̀ mí lákínyẹmí ara. Fíìmù lórí rògbòdìyàn Àkúrẹ́ ní oṣù kẹjọ ọdún 1983 ni mo ń ṣe: wọ́n kéde Akin Ọmọ́boríowó pé òun ló wọlé ìbò gómìnà ìpínlẹ̀ Oǹdó, ìlú gbaná, kí ilé ẹjọ́ tó dá ipò náà padà fún Adékúnlé Ajásin, gómìnà tó wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Àwọn tó ṣojú wọn pọ̀. Fọ́nrán ló wọ́n bí ojú.

Ẹni tó ń bá mi to fíìmù náà wá rí àwòrán ilé tó ń jó lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ti ìlú mìíràn. Ó ní ta ni yóò mọ̀? Mo ní rárá. Ẹni tí iná sọ ilé bàbá rẹ̀ di eérú lọ́dún náà á mọ̀, kò sì ní gba ohunkóhun gbọ́ mọ́ nínú fíìmù wa.

Inú fọ́nrán ìsìnkú ni ìrànwọ́ ti wá. Ìyá kan ní àdúgbò Ọjà Ọba gbé kásẹ́ẹ̀tì fídíò VHS jáde lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì: ìsìnkú ọkọ rẹ̀, tí wọ́n yà lọ́dún díẹ̀ lẹ́yìn rògbòdìyàn náà. Téèpù inú rẹ̀ ti bu, ó funfun létí. Ẹni tó bá wa tún un ṣe kò kàn kì í bọ ẹ̀rọ. Ó tú u, ó fi òwú nù ún díẹ̀díẹ̀, ó fọwọ́ yí i títí ó fi rọ̀. Ẹ má ki èyí tó ti bu bọ ẹ̀rọ o, ó lè já.

A pe bàbá kan tí a ti fọ̀rọ̀ wá lẹ́nu wò tẹ́lẹ̀ pé kó wá wò ó. Àwọn onílù ń kọjá lọ, ló bá nàka sí ẹ̀yìn wọn: "Dá a dúró, ọmọ mi! Wo ògiri dúdú yẹn. Iná ọjọ́ yẹn ló jẹ òrùlé rẹ̀." Kò mẹ́nu ba ilé yẹn rí. Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti tú jáde: ẹni tó gba fèrèsé sá, ẹni tó gbé ẹ̀rọ ìránṣọ nìkan jáde. A kọ ọ́ sójú àwòrán náà pé ìsìnkú ni, pé rògbòdìyàn ti kọjá kí wọ́n tó yà á.

Èsì láti Oǹdó:
Ẹ ṣeun, ẹ̀gbọ́n. Ọdún Ògún ni èmi wá fọ́nrán tirẹ̀. Olùkọ́ kan tó ti fẹ̀yìn tì ní i, àmọ́ wọ́n ti gba ìkórè ṣọ́ọ̀ṣì lé e lórí. Bí ìlù ṣe ń dún lọ́wọ́ ni dùùrù gbà á. Mo lo ìwọ̀nba tó kù, mo sì jẹ́ kí ibi tó ti já hàn bẹ́ẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ní fọ́nrán tí wọ́n yà kí Èkìtì tó kúrò lára ìpínlẹ̀ wa ní 1996, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ ká dà á sórí kọ̀ǹpútà kó tó bu tán.