Ọdún wo gan-an ni wọ́n bí Isaac Newton?
Ẹ̀yin tí ẹ mọ ìtàn ilẹ̀ Yúróòpù, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí o. Wọ́n bi wá níbi ìdíje kan pé ọdún wo ni wọ́n bí Newton, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ọmọ Gẹ̀ẹ́sì nì. Mo ní 1642, ọjọ́ Kérésìmesì pàápàá. Adájọ́ ní mo gbà á tì, pé 4 oṣù Kìíní 1643 ni, torí kàlẹ́ńdà àtijọ́ ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣì ń lò, ó sì fi ọjọ́ 10 wà lẹ́yìn ti Póòpù Gregory, èyí tí à ń lò lónìí. Ìyẹn yé mi. Ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì wá yí sí ti Gregory ní 1752, ọjọ́ 11 ni wọ́n fò: wọ́n sùn ní 2 oṣù Kẹsàn-án, wọ́n jí ní 14! Níbo ni ọjọ́ kan tó lé yẹn ti wá? Èwo ni kí n sì máa kọ?