Sọ́séèjì aláìlẹ́ran: èwo gan-an ni kò tíì lórúkọ nínú rẹ̀?

Ẹ̀yin ará ilé, ẹ kú iṣẹ́ o.

Mo ti ń ka ọ̀rọ̀ yín bọ̀ láti ìgbà tí ìyá wa tó ń kọ́ àwọn ọmọ Yorùbá ní oúnjẹ sísè ní London ti gbé ìbéèrè wọn kalẹ̀: sọ́séèjì tí wọ́n ń fi ìyẹ̀fun àti ẹ̀wà ṣe nílé, tí kò sí ẹran kankan nínú rẹ̀, kí ni kí wọ́n máa pè é tí wọ́n bá ń fi Yorùbá ṣàlàyé? Orúkọ mẹ́rin ló ti jáde: ayédèrú sọ́séèjì, ìfun ẹlẹ́fọ̀ọ́, arọ́pò sọ́séèjì, àti sọ́séèjì aláìlẹ́ran. Èmi náà máa ń ṣe é nílé, torí náà ẹ jẹ́ kí n bá yín dá sí i láti ìdí ààrò.

Ayédèrú kọ́, ẹ jọ̀ọ́. Ayédèrú owó, ayédèrú oògùn, ayédèrú ìwé ẹ̀rí: ohun tí ẹnìkan ṣe láti fi tan ẹlòmíì jẹ ni ọ̀rọ̀ yẹn ń sọ. Ẹni tó gbé oúnjẹ síwájú àlejò, tó sì là á mọ́lẹ̀ fún un pé kò sí ẹran níbẹ̀, ta ló tàn jẹ? Àbúrò wa tó dá a lábàá ní eré lòun ń ṣe. Mo gbọ́, ṣùgbọ́n irú eré bẹ́ẹ̀ ni ẹnìkan máa ń ṣà sínú ìwé atúmọ̀ èdè lọ́dún méjì sí i.

Ẹ̀gbọ́n tó mú ìfun ẹlẹ́fọ̀ọ́ wá ní àlàyé tó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Wọ́n ní inú ìfun ẹran la ti ń rọ́ ẹran lílọ̀ sí látijọ́, torí náà ìfun ni kí orúkọ ti wá. Òótọ́ ni pé inú ìfun ni wọ́n ń rọ́ ọ sí. Ṣùgbọ́n àwọn tó kọ́kọ́ sọ sausage lórúkọ ò wo ìfun rárá. Salsus ti èdè Látìn, ìyẹn ohun tí wọ́n ti fi iyọ̀ sí, ni ọ̀rọ̀ náà ti ṣẹ̀ wá. Iyọ̀ ni wọ́n wò. Yàtọ̀ sí ìyẹn, ẹ lọ sí bùkátérià kan ní Mọ́kọ́lá, kí ẹ ní ìfun lẹ fẹ́, kí ẹ wo ohun tí wọ́n máa bù lé yín lórí àmàlà. Ẹni tí kò jẹran ni ìyá wa ń dáná fún. Tó bá ti gbọ́ ìfun, ó ti dìde nídìí oúnjẹ nìyẹn.

Arọ́pò sàn jù méjèèjì lọ. A ti ń lò ó nínú gírámà, nínú arọ́pò orúkọ, kò sì sí ẹni tó ń rò pé "ó" ń fi irọ́ gba ipò "Adé". Mo fara mọ́ ọn pé kí arọ́pò ẹran jẹ́ orúkọ agbo fún gbogbo wọn: sóyà gbígbẹ oníhóró tí wọ́n ń rẹ sómi, beske, ìyẹn wàrà sóyà dídì, tí wọ́n ń dín ní Ìbàdàn àti Ògbómọ̀ṣọ́, olú, àti ohun tí ìyá wa ń ṣe. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí nǹkan ń ṣe ni arọ́pò ń sọ, kò sọ ohun tó wà nínú àwo. Ọmọdé tí ebi ń pa kò ní béèrè arọ́pò.

Ó wá ku sọ́séèjì fúnra rẹ̀. Bàbá wa ọ̀jọ̀gbọ́n ní kí a ju ọ̀rọ̀ àyálò nù pátápátá, kí a ṣẹ̀dá tiwa. Pẹ̀lú ọ̀wọ̀, sà, ó ti pẹ́ jù. Láti 1962 ni iléeṣẹ́ UAC ti ń ta Gala, ó sì ti wọ ẹnu débi pé nínú gòsílóò Èkó, sọ́séèjì oníyẹ̀fun tí iléeṣẹ́ mìíràn ṣe, Gala náà ni a ń pè é. Ẹ rántí ohun tó ṣẹlẹ̀ sí búrẹ́dì. Àwọn tó túmọ̀ Bíbélì Mímọ́ lo àkàrà fún un, a sì ń ka "àkàrà aláìwú" ní ṣọ́ọ̀ṣì títí dòní. Kò sí bàbá kan tó máa rán ọmọ ní àkàrà tí yóò máa retí búrẹ́dì. Ẹ̀wà ni àkàrà ń tẹ̀lé, ó tẹ̀ lé e dé Bahia ní Brazil, níbi tí wọ́n ti ń ta acarajé dòní, tó sì jẹ́ pé ẹ̀wà náà ni wọ́n ń lọ̀ tí wọ́n ń dín nínú epo pupa.

Àwọn kan sì wà láàárín wa tó ní bí ẹran ò bá ti sí, kò lẹ́tọ̀ọ́ láti jẹ́ sọ́séèjì. Wọn kì í ṣe ẹni àkọ́kọ́. Nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní, tí ebi ń pa Jámánì, Konrad Adenauer tó ń bójú tó oúnjẹ ará ìlú ní Cologne, tó padà di olórí ìjọba Ìwọ̀ Oòrùn Jámánì ní 1949, ṣe sọ́séèjì tó fi sóyà sí dípò ẹran. Ó gbé e lọ síbi tí wọ́n ti ń fún àwọn olùṣẹ̀dá ní ìwé ẹ̀tọ́, ìyẹn patent, ní Jámánì. Wọ́n ní òfin àwọn ò gbà á, sọ́séèjì tí kò lẹ́ran kì í ṣe sọ́séèjì. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló fún un níwèé náà, ní 1918, Gẹ̀ẹ́sì tó ń bá Jámánì jagun lọ́wọ́! Ní Wales, wàràkàṣì, líìkì àti èérún búrẹ́dì ni wọ́n fi ń ṣe sọ́séèjì Glamorgan, orúkọ rẹ̀ ò sì dí ẹnikẹ́ni lọ́wọ́ láti jẹ ẹ́. Ní 2017, ilé ẹjọ́ Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù dájọ́ pé ohun tó ti ara ewéko wá kò gbọdọ̀ máa jẹ́ mílíìkì tàbí wàràkàṣì lórí igbá. Bí ìdájọ́ yẹn bá délẹ̀ wa, gbogbo oníwàrà sóyà ni wọn yóò kó.

Torí náà, ní tèmi, sọ́séèjì dúró. Ohun tí a fi ṣe é ni kó tẹ̀ lé e, bí a ṣe máa ń ṣe sí oúnjẹ wa: àmàlà láfún, àmàlà ọ̀gẹ̀dẹ̀, wàrà sóyà. Sọ́séèjì ẹ̀wà. Sọ́séèjì olú. Aláìlẹ́ran lè wà lórí páálí fún ẹni tó kọ́kọ́ ń rà á, kó má baà ṣì í jẹ.

Gbogbo èyí, ọ̀rọ̀ tó rọrùn nìyẹn. Ibi tí mo rò pé iṣẹ́ ọ̀rọ̀ dídá wà ni ibi tí kò sẹ́ni tó fọwọ́ kàn: ohun tó ń jẹ́ kí sọ́séèjì náà ṣe é jẹ lẹ́nu. Ìyá wa kọ ọ́ ní "gluten", ẹnìkan kọ "gúlútẹ̀nì", ọ̀rọ̀ sì kọjá lọ. Ẹ jẹ́ kí n sọ bí a ṣe ń rí i, kí ẹ lè mọ ohun tí a fẹ́ sọ lórúkọ.

Ẹ po kílò kan ìyẹ̀fun tí wọ́n fi ń ṣe búrẹ́dì pẹ̀lú omi títí yóò fi di ìṣù tó le díẹ̀. Ẹ fi omi tútù bò ó mọ́lẹ̀ fún bíi wákàtí kan. Lẹ́yìn náà, ẹ máa fọ̀ ọ́ nínú ọpọ́n, ẹ máa fún un, ẹ máa tẹ̀ ẹ́. Omi rẹ̀ á funfun báláú. Ẹ dà á, ẹ bu òmíràn. Tó bá ṣe díẹ̀, ìṣù náà á bẹ̀rẹ̀ sí í tú mọ́ yín lọ́wọ́, á dà bí ẹni pé ẹ ti bà á jẹ́, ibẹ̀ sì ni ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń jù ú nù. Ẹ gbé e lé asẹ́, ẹ máa fọ̀ ọ́ lọ. Yóò tún kó ara jọ. Nígbà tí omi bá fẹ́rẹ̀ẹ́ mọ́, nǹkan bí ìdá mẹ́ta ìwọ̀n ìyẹ̀fun yẹn ló máa kù, ó pọ́n rẹ́súrẹ́sú, ó ń fà, ẹ nà án, ó tún sún padà. Ẹni tó mọ ògì sísẹ́ á rí i pé ìdàkejì rẹ̀ gan-an ni. Níbi ògì, èyí tó gba ojú asẹ́ kọjá là ń wá, adìyẹ ló ni èèrí. Níbí, èyí tó kù sójú asẹ́ ni oúnjẹ.

Kí la máa pe ohun tó kù yìí? Gluten ti èdè Látìn, ohun tó ń lẹ nǹkan pọ̀ ló túmọ̀ sí, ẹnìkan sì ti sọ pé kí a pè é ní àtè ìyẹ̀fun. Àtè tí wọ́n fi ń mú ẹyẹ ni mo mọ̀, kò sì wù mí láti jẹ ẹ́. Àwọn ará Ṣáínà tó ti ń fọ ìyẹ̀fun láti ayébáyé ń pè é ní miànjīn: miàn ni ìyẹ̀fun, jīn sì ni iṣan. Èyí tí wọ́n ń pè ní seitan káàkiri báyìí, George Ohsawa, ará Japan, ló dá ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀ láàárín ọ̀rúndún tó kọjá. Ó dá a, ayé sì gbà á.

Iṣan ìyẹ̀fun ni èmi ń dá lábàá. Tí ẹ bá ya sọ́séèjì náà sí méjì lẹ́yìn tó ti tutù, ẹ ó rí i pé ó ń fà tẹ́ẹ́rẹ́tẹ́ẹ́rẹ́, kì í já gúrú bí ẹ̀bà, eyín yín á sì ní iṣẹ́ láti ṣe. Ohun tí a ń sọ nípa ẹran nìyẹn tí a bá ní ó níṣan. Ọ̀rọ̀ náà sì ń bímọ: ìyẹ̀fun tó níṣan, sọ́séèjì oníṣan, oúnjẹ aláìníṣan ìyẹ̀fun. Èyí tó kẹ́yìn yìí ṣe pàtàkì, torí àwọn kan wà tó ní àrùn celiac, ohun kékeré tó bá níṣan yìí nínú máa ń ba ìfun wọn jẹ́, ó sì yẹ kí wọ́n lè ka ohun tó wà lára páálí lédè tó yé wọn. Dókítà wa lè fẹ́ sọ pé iṣan ara ti gba ọ̀rọ̀ yẹn. Ojú abẹ́rẹ́ ò ṣì wá lọ́nà, ẹnu ìgò ò ṣì wá lọ́nà.

Ìyókù sísè rẹ̀ kò le. Iṣan tútù kì í fẹ́ gba èròjà, torí náà ẹ gé e wẹ́wẹ́, kí ẹ lọ̀ ọ́ mọ́ ẹ̀wà sísè díẹ̀, irú, àlùbọ́sà, ata gbígbẹ, táìmù àti epo. Ẹ fi fọ́ìlì wé e gbọọrọ, ẹ lọ́ eteetí rẹ̀ méjèèjì, kí ẹ fi ooru omi sè é fún bí ogójì ìṣẹ́jú. Ẹ má sọ ọ́ sínú omi tó ń hó kùtùkùtù, yóò wú, yóò di kànìnkànìn. Ó máa ń dára sí i tó bá sùn nínú fíríìjì mọ́jú kí a tó dín in. Ẹni tí iṣan kò bá lára mu, ẹ̀wà nìkan ni kó fi ṣe tirẹ̀. Á rọ̀ ju èyí lọ, kó sì fi ìyẹ̀fun àgbàdo dì í mú.

Ohun kan ló kù. Omi funfun tí a dà yẹn, tí a bá jẹ́ kó sílẹ̀, yóò sùn sísàlẹ̀ ọpọ́n. Àbúrò wa ní Manchester pè é ní ògì àlìkámà. Kò kan, wọn ò rẹ ẹ́, mi ò rò pé ògì ni. Sítáàṣì ni àwọn alágbàfọ̀ ń pè é, èmi á sì fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, àyàfi tí ẹnìkan bá ní èyí tó dára jù bẹ́ẹ̀ lọ kí ìyá wa tó tẹ ìwé wọn jáde.