Báwo la ṣe lè fi ohùn ẹni tó ti ẹ̀wọ̀n dé pamọ́ nínú ètò tẹlifíṣọ̀n?

Ẹ kú iṣẹ́ o. Ètò tẹlifíṣọ̀n kan là ń ṣe ní Ìjẹ̀bú-Òde àti Ṣágámù, níbi tí àwọn tó ti ṣẹ̀wọ̀n yóò ti fi ẹnu ara wọn sọ ohun tí ojú wọn rí.

A kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni dá wọn mọ̀. Ojú kò ṣòro láti bò: iná sára ògiri ẹ̀yìn nìkan, kí a sì ṣètò kámẹ́rà sí ìmọ́lẹ̀ ògiri náà, ẹni tó jókòó á dúdú bí òjìji. Òrùka àti àpá ọwọ́ náà ń tú àṣírí, ẹ bò wọ́n.

Ohùn ló le. Bí a bá kàn rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀ lórí kọ̀ǹpútà, ẹni tó mọ iṣẹ́ náà lè gbé e padà sókè, ohùn gidi á sì jáde. Ẹ̀ka èdè pàápàá ń jẹ́rìí: ní Òde-Rẹ́mọ, gbólóhùn méjì lè tó kí aládùúgbò mọ ọmọ ta ni. Kí ẹlòmíràn tún ọ̀rọ̀ náà sọ ló dáàbò bò wọ́n jù, àmọ́ ẹkún á sọnù, ẹkún yẹn gan-an la sì fẹ́ kí ayé gbọ́.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ̀yin tó ti lo ẹni tó ń yáni lóhùn, ṣé kó máa gbọ́ ohùn àkọ́kọ́ létí bó ṣe ń sọ ọ́ ni, àbí kó kà á nínú ìwé? Bí ẹni tó ti fọwọ́ síwèé pé òun gbà kí a lo ọ̀rọ̀ òun bá sì yí ọkàn padà lẹ́yìn tí a ti gé fíìmù tán ńkọ́? Ọjọ́ mélòó lẹ máa ń fi sílẹ̀ fún un láti yí ọkàn padà?