«Àrìnya» ni àbí «àkọsílẹ̀ ojoojúmọ́»?

Ẹ̀gbọ́n wa ní Ṣábẹ, ẹ kú iṣẹ́ ọpọlọ. Ẹ ní ká máa pe fíìmù tí arìnrìnàjò fọwọ́ ara rẹ̀ ya ní «sinimá àkọsílẹ̀ ojoojúmọ́». Mo gba «àkọsílẹ̀». «Ojoojúmọ́» ni kò gba ọ̀nà ọ̀fun mi lọ.

Fíìmù fúnra rẹ̀ kò gbà á. Rólù tó fẹ̀ ní mílímítà 16, tó gùn ní ẹsẹ̀ bàtà 100, àwòrán 4,000 péré ló wà nínú rẹ̀. Bí kámẹ́rà bá ń ya 24 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, kò ní pé ìṣẹ́jú 3 tó fi tán. Kámẹ́rà Bolex tí à ń fọwọ́ wé sípíríǹgì rẹ̀ kì í sì í ṣiṣẹ́ ju nǹkan bí ìṣẹ́jú àáyá 28 lọ kó tó dúró. Ẹni tó bá mú rólù kan dání láti Àjàṣẹ́, tó gba Ṣakété àti Pọbẹ̀ dé Kétu, ṣíṣà ló máa ṣà á yà: àwòrán 6 níbi tí wọ́n ti ń ta gàrí, 40 lẹ́nu Akaba Idẹ́nà, ẹnubodè àtijọ́ ìlú Kétu. Tí a bá wá ń wò ó, kí a tó ṣẹ́jú, gàrí ti kọjá.

Ohùn ńkọ́? Bolex yìí kì í gba ohùn. Lẹ́yìn tí wọ́n bá ya àwòrán tán ni wọ́n ń fi ohùn sí i. Jonas Mekas, ayafíìmù ọmọ Lithuania tó tẹ̀dó sí New York, padà lọ wo ilé ní 1971. Fíìmù rẹ̀ jáde ní 1972, ohùn tó ń sọ̀rọ̀ lórí rẹ̀ kì í sì í ṣe ti ọjọ́ tó ya àwòrán. Ojoojúmọ́ wo ló kù níbẹ̀?

«Àrìnya» ni mo mú wá: à, rìn, ya, bíi ti «àrìnnàkò». Àbúrò wa kan ní Àjàṣẹ́ ní «ya» lè túmọ̀ sí pé fíìmù fàya. Òótọ́ ni, ó sì ń ṣẹlẹ̀: bí ihò ẹ̀gbẹ́ fíìmù kò bá wọ eyín ẹ̀rọ dáadáa, á ya, àwòrán á máa fò. Ṣùgbọ́n «mo ya fíìmù» àti «fíìmù ya» kò jọra létí ẹnikẹ́ni. Àmì ohùn ló ń bà mí lẹ́rù jù. Ẹni tó bá kọ «àrìnyà» ti yà kúrò lọ́nà nìyẹn.

Fídíò fóònù tó ya gbogbo ọ̀nà Pọbẹ̀ láìdánudúró, tí ẹnikẹ́ni ò ṣa nǹkan kan nínú rẹ̀, èmi ò ní pè é ní àrìnya. Ẹ̀gbọ́n, ẹ lè fún ìyẹn ní «ojoojúmọ́» yín.